John Mbiti àti Ọ̀rọ̀ Àkókò: Ohun tí a lè rí kọ́ ní Òṣòdì àti Ìsọlọ̀

Ní ọdún 1969 ni ìwé kan jáde tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ African Religions and Philosophy. John Samuel Mbiti, ọmọ ilẹ̀ Kenya, ni ó kọ ọ́. Yunifásítì Makerere ní ilẹ̀ Uganda ni ó ti ń kọ́ni nígbà náà. Nínú ìwé yìí ni ó ti sọ ọ̀rọ̀ kan tí àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ilẹ̀ Áfíríkà kò tíì yé jiyàn lé lórí títí di òní. Ó ní lójú àwọn baba ńlá wa, àkókò ní àná tí ó gùn lọ rẹrẹẹrẹ, ó ní òní, ṣùgbọ́n ó fẹ́rẹ̀ẹ́ máà ní ọ̀la rárá.

Ọ̀pọ̀ nínú àwa akẹ́kọ̀ọ́ ni ó ti bá ọ̀rọ̀ yìí pàdé nínú kíláàsì. A kọ ọ́ sílẹ̀, a há a sórí, a sì kọ ọ́ padà fún olùkọ́ nígbà ìdánwò. Àwọn mìíràn tilẹ̀ ti sọ ọ́ di àwáwí. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu ẹni tí ó pẹ́ dé ìpàdé ẹgbẹ́ wa ní wákàtí kan ààbọ̀, tí ó ní kí a má dá òun lẹ́bi, pé bẹ́ẹ̀ ni Ọlọ́run ṣe dá àkókò ènìyàn dúdú. A rẹ́rìn-ín, a sì fi í sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà ju ẹ̀rín lọ. Bí ó bá jẹ́ òtítọ́ pé ìran kan kò ní èrò nípa ọjọ́ iwájú, a jẹ́ pé kò sí bí irú ìran bẹ́ẹ̀ ṣe lè pète ohunkóhun fún ara rẹ̀ àfi bí àlejò bá bá a pète rẹ̀. Èyí ni ó mú mi gbé kálàmù.

N kò ní gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sọ́nà jíjìn. Òṣòdì àti Ìsọlọ̀ ní ìpínlẹ̀ Èkó ni n ó gbé e lọ. Ìsọlọ̀ jẹ́ ìlú àwọn Àwórì tí ó ní ọba tirẹ̀, Ọ̀sọlọ̀. Òṣòdì ní tirẹ̀ jẹ́ oríta tí gbogbo ayé ń gbà kọjá, tí kò sì sí ẹni tí kì í kánjú níbẹ̀.

Ta ni Mbiti?

Abúlé Mulago ní agbègbè Kitui ni a ti bí i ní ọjọ́ 30 oṣù kọkànlá ọdún 1931. Ẹ̀yà Akamba ni. Ó kàwé ní Makerere, ó kọjá sí Amẹ́ríkà, lẹ́yìn náà ó lọ sí Cambridge níbi tí ó ti gba oyè ọ̀mọ̀wé ní 1963. Ẹ jẹ́ kí á dúró díẹ̀ lórí iṣẹ́ tí ó fi gba oyè yìí, nítorí pé ibẹ̀ ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀ wà. Ohun tí ó ṣe ìwádìí lé lórí ni ẹ̀kọ́ Májẹ̀mú Tuntun nípa ìgbà ìkẹyìn, àti bí ẹ̀kọ́ náà ti rí létí àwọn Akamba. Àwọn míṣọ́nnárì ìjọ Africa Inland Mission ti wàásù fún wọn pé Jésù ń bọ̀, pé ayé yóò dópin. Mbiti rí i pé àwọn ènìyàn òun kò gbọ́ ọ̀rọ̀ náà bí oníwàásù ti rò pé òun ń sọ ọ́. Ohun tí ó jìnnà réré lójú ẹni tí ó mú un wá, ohun tí ó kù sí dẹ̀dẹ̀ ni lójú àwọn tí ó gbà á. Ó bi ara rẹ̀ léèrè ìdí rẹ̀, ó sì lọ wá ìdáhùn nínú èdè. Ó ní kò sí ohun tí wọ́n lè fi gbé ọjọ́ tí ó jìnnà bẹ́ẹ̀ nínú èdè Kikamba.

Ẹni tí ó bá ka Mbiti láìmọ èyí yóò rò pé ńṣe ni ó ń bú wa. Kò bú ẹnikẹ́ni. Ọmọ ìjọ ni, àlùfáà sì ni, ó fẹ́ mọ ohun tí ó fà á tí ìwàásù fi di ohun mìíràn lọ́nà.

Láti 1964 títí di 1974 ni ó fi kọ́ni ní Makerere. Láti ibẹ̀ ó lọ ṣe olùdarí ilé-ẹ̀kọ́ àjọ àwọn ìjọ àgbáyé ní Bossey ní ilẹ̀ Switzerland, ó sì di àlùfáà ìjọ ní ìlú Burgdorf ní ilẹ̀ kan náà. Ibẹ̀ ni ó kú sí ní oṣù kẹwàá ọdún 2019.

Sasa àti Zamani

Ọ̀rọ̀ Swahili méjì ni Mbiti fi ṣe òpó ilé rẹ̀. Sasa ni ìsinsìnyí. Òní wà nínú rẹ̀, ohun tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá wà nínú rẹ̀, ohun tí ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣẹlẹ̀ náà wà nínú rẹ̀. Zamani ni àná ńlá, ibi tí gbogbo nǹkan ń wọ̀ lọ bí oòrùn ti ń wọ̀. Bí a bá fẹ́ sọ ọ́ ní tiwa, ìgbà ìwáṣẹ̀ wà ní ìsàlẹ̀ Zamani pátápátá. Lójú Mbiti, ẹ̀yìn ni àkókò ń rìn sí. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lónìí yóò kúrò nínú Sasa, yóò rọra rì sínú Zamani.

Bákan náà ni ti ènìyàn. Ẹni tí ó kú kò tíì kúrò nínú Sasa níwọ̀n ìgbà tí ẹnì kan bá ṣì wà tí ó mọ̀ ọ́n, tí ó lè pè é lórúkọ. Mbiti pe irú ẹni bẹ́ẹ̀ ní òkú tí ó wà láàyè. Ó lè tó ìran mẹ́rin tàbí márùn-ún kí ẹni tí ó mọ̀ ọ́n kẹ́yìn tó kú. Ọjọ́ náà gan-an ni òkú ṣẹ̀ṣẹ̀ kú tán. N kò mọ ọmọ Yorùbá tí yóò gbọ́ èyí tí kò ní mi orí. Ẹni tí a bá sọ ọmọ ní Babátúndé nítorí rẹ̀ kò tíì jìnnà sí wa.

Ohun kejì tí ó sọ ni pé àkókò kì í dá dúró. Ìṣẹ̀lẹ̀ ni ó ń bí i. Níbi tí nǹkan kan kò bá ti ṣẹlẹ̀, tí kò sì dájú pé nǹkan yóò ṣẹlẹ̀, kò sí àkókò níbẹ̀. Nítorí pé ọ̀la kò tíì ní ìṣẹ̀lẹ̀ nínú, ó ṣófo. Láti fi èyí múlẹ̀, ó yẹ àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe èdè Kikamba àti Gikuyu wò, ó sì ní èyí tí ó jìnnà jùlọ nínú àwọn tí ń tọ́ka sí ọjọ́ iwájú kò kọjá ọdún méjì tàbí kí ó má tilẹ̀ tó bẹ́ẹ̀.

Ọkọ̀ tí ó ń dúró kí ó kún

Ẹ wá jẹ́ kí á lọ sí Ìsọlọ̀ ní òwúrọ̀. Danfó wà ní ibùdókọ̀ tí ó ń lọ sí Òṣòdì. Bi awakọ̀ léèrè ìgbà tí ọkọ̀ yóò gbéra. Kò ní wí fún ọ pé aago méje kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ohun tí yóò sọ ni pé, “Bí ó bá ti kún.” Èrò ni aago rẹ̀. Bí èrò mẹ́ta bá jókòó, àkókò ti lọ díẹ̀. Bí ó bá ku ẹnì kan, ó kù fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́. Bí kò bá sí èrò, kò sí àkókò. Bí Mbiti bá dúró níbẹ̀, inú rẹ̀ ì bá dùn, nítorí pé ohun tí ó kọ sínú ìwé rẹ̀ gẹ́lẹ́ nìyí.

Ṣùgbọ́n danfó yìí dé Òṣòdì, obìnrin kan sọ̀kalẹ̀ nínú rẹ̀, ó sì gba ọ̀nà ibùdó rélùwéè lọ. Rélùwéè kì í ṣe àjèjì níbẹ̀. Láti Ìddó ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí la ojú irin ní 1896, tí ó fi dé Ìbàdàn ní 1901. Èyí tí ó jẹ́ tuntun ni ọkọ̀ ojú irin ìjọba Èkó tí a ń pè ní Red Line, tí ó bẹ̀rẹ̀ sí gbé èrò ní ọjọ́ 15 oṣù kẹwàá ọdún 2024 láàárín Agbádó àti Oyíngbò, tí ó sì ní ibùdó ní Òṣòdì. Ètò ọkọ̀ yìí kò sí lórí kíkún. Aago ni wọ́n fi ṣe é.

Ìbéèrè mi ni pé: nígbà tí obìnrin yìí kúrò nínú danfó tí ó wọ rélùwéè, ṣé ó pààrọ̀ ọpọlọ ni? Kò pààrọ̀ ohunkóhun. Ó mọ̀ pé ibì kan wà tí èrò ti ń bí àkókò, ó sì mọ̀ pé ibì kan wà tí àkókò kò ti ní dúró de èrò. Ohun tí Mbiti rí, òótọ́ ni ó rí i. Ibi tí ó ti ṣìnà ni pé ó rò pé ẹni tí ó bá ní àkókò ìṣẹ̀lẹ̀ kò lè ní òmíràn mọ́ ọn.

Aago tí à ń wí yìí pàápàá, ẹ jẹ́ kí á yẹ̀ ẹ́ wò. Oòrùn ni Èkó ń tẹ̀lé tẹ́lẹ̀, aago Èkó sì fi ìṣẹ́jú 13 àti ìṣẹ́jú-àáyá 35 ṣíwájú ti Greenwich ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù keje ọdún 1905, ìjọba fi aago Èkó sí ti Greenwich. Ní 1908 wọ́n dá a padà sí ti oòrùn. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní ọdún 1914 wọ́n tún un ṣe kí ó fi ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ṣíwájú Greenwich, nígbà tí ó sì di ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1919, wọ́n sọ ọ́ di wákàtí kan gbáko. Èyí ni a ń lò di òní. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé aago ọwọ́ wa ní Òṣòdì fi bí ìṣẹ́jú 46 ṣíwájú oòrùn orí wa. Nígbà tí aago bá lu méjìlá, oòrùn kò tíì dé àtàrí. Ó máa ń tó nǹkan bí aago méjìlá kọjá ìṣẹ́jú 46, tí ó ń yẹ̀ díẹ̀ síwá sẹ́yìn bí oṣù ti ń yí. Àwọn ládàánì mọ èyí dáadáa, ìdí nìyí tí wọn kì í fi í pe ìrun ọ̀sán ní aago méjìlá. A yí aago padà lẹ́ẹ̀mẹrin láàárín ọdún 14, n kò sì tíì rí onímọ̀ kan tí ó kọ̀wé pé àwọn tí ó yí i kò ní èrò tí ó dúró ṣinṣin nípa àkókò.

Bí Yorùbá ti ń ka ọjọ́

Ní àdúgbò kan ṣoṣo ní Ìsọlọ̀, ọ̀sẹ̀ méjì ni ó ń rìn pọ̀. Ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí ń lo ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ méje, ọ̀kan di Sọ́ńdè mú, èkejì di Jímọ̀ mú. Babaláwo ń lo ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin: ọjọ́ Awo, ọjọ́ Ògún, ọjọ́ Jàkúta, ọjọ́ Ọbàtálá. Bí ọjọ́ Awo bá bọ́ sí Ọjọ́bọ̀ lónìí, ó di ẹ̀yìn ọjọ́ 28 kí méjèèjì tó tún pàdé.

Ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin ni, síbẹ̀ ọrún ni à ń pè é, tí í ṣe márùn-ún.  Ọ̀nà tí à ń gbà kà á ni ó fà á. Bí ọjà bá jẹ́ Mọ́ńdè, a ó ka Mọ́ńdè ní ọ̀kan, Túsìdeè ní méjì, títí tí Fúráìdeè yóò fi di ẹ̀karùn-ún, tí ọjà yóò tún ná. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìsán tí a ń kà sí mẹ́sàn-án, àti ìtàdógún tí a ń kà sí mẹ́tàdínlógún, tí ó jẹ́ ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin ní ọ̀nà mẹ́rin. Òní gan-an ni ọjọ́ kìn-ín-ní nínú ìṣirò ọjọ́ iwájú. Bí mo bá sọ pé ìpàdé wa di ìtàdógún, mo ti bẹ̀rẹ̀ sí ka ọjọ́ náà kí n tó dìde lórí ìjókòó. Lójú tèmi, èyí ta ko Mbiti ju òwe èyíkéyìí lọ. Àlàfo tí ó sọ pé ó wà láàárín òní àti ọ̀la, ìṣirò wa kò fi àyè sílẹ̀ fún un.

Síbẹ̀ òtítọ́ kò ṣeé fi pamọ́, ohun kan wà tí ó gbe Mbiti lẹ́sẹ̀. Ẹ wo orúkọ àwọn ọjọ́ àti ọdún. Fún ohun tí ó ti kọjá, a ní àná, a ní ìjẹta, a ní ìjẹrin; a ní èṣí, a ní ìdúnta, a ní ìdúnrin. Fún ohun tí ń bọ̀, a ní ọ̀la, a ní ọ̀tunla, a ní àmọ́dún, lẹ́yìn náà a ó bẹ̀rẹ̀ sí ka iye. Orúkọ pọ̀ ní apá ẹ̀yìn ju apá iwájú lọ. Àwọn tí ó ń bá Mbiti jà nínú wa kì í fẹ́ mẹ́nu ba èyí, ṣùgbọ́n ó wà níbẹ̀. Ohun tí mo rò ni pé ọjọ́ tí a ti lò rí ni a máa ń fún lórúkọ, èyí tí a kò tíì lò ni a máa ń kà. Àìlórúkọ kì í ṣe àìsí. Ọmọ tí a kò tíì sọ lórúkọ ṣáà wà nínú ilé.

Àwa náà sì ni a ń pa á lówe pé bí òní ṣe rí, ọ̀la kì í rí bẹ́ẹ̀, ni babaláwo fi ń dífá ọrọọrún. A tún ń sọ pé ogún ọdún ń bọ̀ wá dọ̀la. Ogún, kì í ṣe méjì.

Ọ̀rọ̀ gírámà

Gírámà ni Mbiti fi gbogbo ara lé, níbẹ̀ ni mo sì gbà pé ilé rẹ̀ ti sán. Bí a bá ní “Olú yóò lọ,” ó lè jẹ́ ní ìṣẹ́jú akàn, ó lè jẹ́ lẹ́yìn ọgọ́rùn-ún ọdún. “Yóò” kò ní ààlà. Swahili tí ó ti yá Sasa àti Zamani pàápàá ní ta tí ó ń ṣe irú iṣẹ́ yìí, kò sì ní ààlà ọdún méjì. Ó yá ọ̀rọ̀ lọ́dọ̀ Swahili, ó lọ yá ẹ̀rí lọ́dọ̀ Kikamba àti Gikuyu, ó sì dá ẹjọ́ fún gbogbo Áfíríkà.

Èyí tí ó tún burú jù ni pé ẹ̀rí náà lè pa ẹni tí kò bá wa dá ọ̀ràn. Àwọn onígírámà kan gbà pé Yorùbá kò ní àsìkò nínú ọ̀rọ̀-ìṣe rárá, ibá-ìṣẹ̀lẹ̀ nìkan ni ó ní. “Lọ” kì í yí padà, ìbáà jẹ́ àná tàbí ọ̀la. Bí a bá tẹ̀lé ọ̀nà Mbiti, a ó ní Yorùbá kò ní àná pẹ̀lú! Ẹ sì wo Gẹ̀ẹ́sì: ọ̀rọ̀-ìṣe wọn ń yí padà fún ohun tí ó ti kọjá, ṣùgbọ́n kò ní èyí tí ó ń yí padà fún ọjọ́ iwájú. “Will” ni wọ́n ń lò, ìtumọ̀ rẹ̀ àtijọ́ sì ni “fẹ́,” gẹ́gẹ́ bí àwa náà ti ń sọ pé òjò fẹ́ rọ̀. (Ní Òṣòdì kan náà ni ilé-ẹ̀kọ́ àwọn olùwòye ojú ọjọ́ Nàìjíríà wà, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ bí a ti ń sọ òjò tí kò tíì rọ̀.) Ṣé àwọn Gẹ̀ẹ́sì kò ní ọjọ́ iwájú ni?

Ohun tí mo fẹ́ kí á fi ṣe ìwádìí ni “ń bọ̀.” Ọdún tí ó ti lọ, a ní ó kọjá. Èyí tí kò tíì dé, a ní ó ń bọ̀. Ẹni tí ó ń kúrò nílé pàápàá, “Mo ń bọ̀” ni yóò sọ. Mbiti gbà pé nǹkan ń kúrò nínú Sasa lọ sí Zamani, èyí sì bá “kọjá” mu. Ṣùgbọ́n ohun tí ń bọ̀ ní láti ní ibi tí ó ti ń bọ̀. Èdè wa ti fi ibì kan pamọ́ fún ọ̀la kí ọ̀la tó dé.

Èésú

Kí á fi gírámà sílẹ̀, kí á wọ inú ọjà. Ẹ jẹ́ kí á sọ pé ọgbọ̀n obìnrin ní Òṣòdì ń dá èésú ẹgbàárùn-ún náírà (₦10,000) lóṣooṣù. Oṣooṣù ni ẹnì kan yóò kó ₦300,000. Ẹni tí ó kọ́kọ́ kó o ti jẹ gbèsè oṣù 29 tí kò tíì dé. Ẹni ìkẹyìn yóò dúró fún ọdún méjì àti oṣù mẹ́fà. Ọdún méjì tí Mbiti fi ṣe òdiwọ̀n ti kọjá nìyẹn, láìsí yunifásítì, láìsí ìwé àdéhùn.

Ẹ wo bí wọ́n ti ń tò ó. Olórí èésú kì í fún àlejò ní ìkó àkọ́kọ́, nítorí pé ó lè kó o kí ó sá lọ. Ẹni tí owó ilé-ìwé ọmọ rẹ̀ bọ́ sí oṣù kẹsàn-án yóò bẹ̀bẹ̀ kí ìkó òun bọ́ sí oṣù kẹjọ. Ní àsìkò tí ọjà ń wọ́n sí i lójoojúmọ́ bí ti ìsinsìnyí, kò sí ẹni tí ó fẹ́ ṣe ìkẹyìn, torí pé wọ́n mọ̀ pé ₦300,000 lónìí kì í ṣe ₦300,000 ní oṣù 30. Ẹni tí kò bá ní èrò nípa ọjọ́ iwájú kò lè jà lórí ipò nínú èésú. Ní Òṣòdì, wọ́n ń jà lórí rẹ̀ dáadáa.

Ọjọ́ iwájú yìí lè já kulẹ̀ o. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2016, ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó wó ọjà Owónifáàrí ní Òṣòdì, wọ́n ní kí àwọn ọlọ́jà kó lọ sí Ìsọpàkodòwò. Ẹni tí ó ti ṣe ìṣirò ọdún mẹ́ta lórí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ bá ìṣirò náà nílẹ̀. Ẹni tí kò ṣe ìṣirò kan kò ní ohun tí yóò wó mọ́ ọn lórí.

Àwọn tí ó dá a lóhùn

Mbiti kò ṣe aláìní olùdáhùn. Kwame Gyekye, ọmọ Ghana tí òun náà kú ní 2019, fi èdè Akan dá a lóhùn nínú ìwé rẹ̀ ti 1987. Ó fi hàn pé Akan ní ọ̀rọ̀ fún ọjọ́ iwájú, pé kò sì tọ́ kí á fi èdè méjì ìlà-oòrùn dá ẹjọ́ fún gbogbo ilẹ̀ dúdú. J.A.A. Ayoade ti Yunifásítì Ìbàdàn ti gbé ọ̀rọ̀ àkókò wá sí oko Yorùbá gan-an nínú àkójọ tí Richard Wright ṣe olóòtú rẹ̀ ní àwọn ọdún 1970. Ó yẹ kí gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ èdè Yorùbá kà á, nítorí pé ó ṣọ̀wọ́n kí á rí onímọ̀ ìṣèlú tí ó fi ara balẹ̀ bẹ́ẹ̀ sí ọ̀rọ̀ àṣà.

Mo gbà pé Mbiti ṣìnà, mo sì gbà pé gbèsè rẹ̀ wà lọ́rùn wa. Ṣáájú rẹ̀, àwọn tí ó ń kọ̀wé nípa ìrònú Áfíríkà kì í sábà bi gírámà léèrè ohunkóhun. Òun ni ó sọ pé kí á wo ọ̀rọ̀-ìṣe. Ìdáhùn tí ó rí níbẹ̀ kò dára tó, ṣùgbọ́n ìbéèrè náà dára.

Iṣẹ́ kan wà tí a kò tíì ṣe tó. Orúkọ ọjọ́ tí mo kà sílẹ̀ lókè, ti Yorùbá àjùmọ̀lò ni. Àwọn ẹ̀ka-èdè lè ní jù bẹ́ẹ̀ lọ ní apá iwájú. Ìsọlọ̀ kò jìnnà sí Akọkà. Àwọn àgbà Àwórì tí ó ti ń gbé ibẹ̀ kí ilé tó dé ibi tí ó dé yìí ṣì wà. Kí ẹnì kan nínú wa mú ìwé àti kálàmù, kí ó lọ kí wọn, kí ó sì béèrè ohun tí wọ́n ń pe ọjọ́ tí ó tẹ̀lé ọ̀tunla, àti èyí tí ó tún tẹ̀lé e.